Ẹni Tí Ìyá Mi Kí Lára Aṣọ Funfun

Àwọn ọmọ-ọmọ mi gbà pé ọjọ́ tí wọ́n bí àwọn gan-an ni ojú ayé là. Bí mo bá sọ fún wọn pé mo ti jókòó lórí ẹní ní Ògbómọ̀ṣọ́ tí mò ń gbọ́ tí àwọn ará Pakísítánì ń sọ èdè Úrúdù, nígbà tí n kò tíì lè dá ẹ̀kọ ro kó má di kókó, wọ́n á wo ara wọn, ọ̀kan nínú wọn á sì ní, "Màmá Àgbà ti tún bẹ̀rẹ̀." N kì í bá wọn jiyàn. Ohun tí mo rí lọ́dún náà ju ohun tí èèyàn ń fi ṣe iyàn lọ. Mo ti darúgbó, mo ti rí tẹlifíṣọ̀n, mo ti rí fóònù tí ń fi ojú ẹni han ẹni, síbẹ̀ bí mo bá rántí ìmọ́lẹ̀ sinimá yẹn, orí mi ṣì máa ń wú.

Agbo ilé wa kò jìnnà sí Ọjà Igbó. Kí ilẹ̀ tó mọ́ tán la ti ń gbọ́ ohùn àwọn alájàpá tí wọ́n ń kí ara wọn lójú ọ̀nà, ewúrẹ́ á máa ké, ìkòkò á máa kan ìkòkò létí kànga. Láàrin gbogbo ariwo yìí, ti ìyá mi ni mo máa ń kọ́kọ́ gbọ́. Kíjìpá ló ń hun. Òfì rẹ̀ dúró lára ògiri ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó sì ní igi pẹlẹbẹ kan tó fi ń lu òwú wọlé, gbà, gbà, gbà. Bí igi yẹn bá dákẹ́, gbogbo ilé á mọ̀ pé nǹkan ń ṣe Ìyá Àṣàkẹ́. Èmi ni Àṣàkẹ́. Iṣẹ́ tèmi ni kí n pọnmi, kí n gbálẹ̀, kí n sì jókòó ti Ìyá Àgbà, ìyá tó bí bàbá mi, ká jọ máa ranwú. Ìyá Àgbà kò mọ bí wọ́n ṣe ń ranwú láìsọ̀rọ̀. Bí mo bá ń wo àwọn ọmọ tó ń ṣeré níta, á ní, "Àtẹ́lẹwọ́ ẹni kì í tan ni, Àṣàkẹ́. Ojú kì í ranwú." Nírọ̀lẹ́, tí wọ́n bá ro ọkà tán, òun fúnra rẹ̀ ló ń pín ẹran. Á mú ègé kan, kì í sì í ṣe ègé kékeré, á fi í sínú àwo amọ̀, á fi igbá dé e. "Ti Àkànní nìyẹn," ni yóò wí. Àkànní ni bàbá mi. Oyún mi ni ìyá mi ní sínú nígbà tí wọ́n kó o lọ sógun Bọ́mà, n kò fi ojú kàn án rí. Bí ilẹ̀ bá mọ́ tí Àkànní kò wá jẹ ẹran rẹ̀, èmi ni wọ́n ń fún. Ẹran yẹn ni mo fi mọ bàbá mi. Mò ń gbàdúrà kó dé o, ṣùgbọ́n n kò ní purọ́, mo tún máa ń rò ó pé bó bá dé, ta ni yóò wá máa fún mi lẹ́ran?

Ogun ti parí tipẹ́. Àwọn tó kù ti padà wálé, ìjọba sì ránṣẹ́ pé àwọn kò rí Àkànní. Wọn kò ní ó kú, wọn kò ní ó wà. Lọ́dọ̀ tiwa, bí èèyàn bá kú sájò, irun orí rẹ̀ àti èékánná rẹ̀ ni wọ́n ń mú wálé kí wọ́n fi sìnkú rẹ̀. Kò sẹ́ni tó mú irun bàbá mi wálé, Ìyá Àgbà sì ní òun kò ní sin òkú tí òun kò rí. Nítorí èyí, ìyá mi kì í ṣe opó, bẹ́ẹ̀ ni kò lọ́kọ nílé. Gbogbo wa la mọ ohun tó ń bọ̀: ọjọ́ tí wọ́n bá sìnkú Àkànní, àbúrò rẹ̀ ni yóò ṣú ìyá mi lópó. Àbúrò yìí là ń pè ní Bàbá Kékeré, awakọ̀ ni, ó ń ná Ọ̀yọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́. Kì í ṣe èèyàn burúkú. Búrẹ́dì rẹ̀ kì í wọ́n mi láti Ọ̀yọ́. Ṣùgbọ́n ìyá mi kò fẹ́ ẹ, kò sì ní ẹnu tí yóò fi sọ ọ́. Á pè é ní "ọkọ mi," bí ìyàwó ilé ṣe ń pe àbúrò ọkọ, á gbé omi fún un tìkúnlẹ̀tìkúnlẹ̀, á sì yára padà sídìí òfì rẹ̀. Nígbà tó yá, Baálé ilé wa, àgbàlagbà tí ọ̀rọ̀ kì í yá lẹ́nu, pe gbogbo ẹbí jọ. Ó ní, "Ọmọ ẹni kú, ó sàn ju ọmọ ẹni nù lọ. Ẹ̀ẹ̀rùn yìí, aṣọ rẹ̀ la ó fi sìnkú rẹ̀, kí ọkàn gbogbo wa balẹ̀." Igi òfì ìyá mi dákẹ́ lọ́jọ́ náà títí ilẹ̀ fi ṣú.

Ọkùnrin kan wà ládùúgbò wa tí à ń pè ní Sájẹ́ńtì. Àwọn tó mọ̀ ní ipò rẹ̀ kò ga tó bẹ́ẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ ológun, ṣùgbọ́n orúkọ ti mọ́ ọn lára. Òun àti bàbá mi jọ wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Íńdíà ni, kí wọ́n tó pín wọn níyà. Èdè ibẹ̀ ló kó bọ̀. Bí òùngbẹ bá ń gbẹ ẹ́, á ní kí n bu "pání" wá. Bí ìyàwó rẹ̀ bá pẹ́ nídìí ààrò, á pariwo, "Jálìdì! Jálìdì!" Gbogbo àdúgbò ló ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Wọ́n ní inú igbó Bọ́mà ló ti jókòó tó dá èdè sílẹ̀ fúnra rẹ̀. Òun náà á ní, "Ẹni tó bá rìn jìnnà ni í rí abuké ọ̀kẹ́rẹ́. Ẹ̀yin tí ẹ kò rìn kọjá Tákíè níbí, kí lẹ fẹ́ mọ̀?"

Bàbá Kékeré ló gbé ìròyìn wá. Ó ti Ọ̀yọ́ dé, kò tíì bọ́ bàtà tó ti ń pe Sájẹ́ńtì. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jáde wá o! Wọ́n ṣe sinimá lẹ́bàá ọjà Àkẹ̀sán lánàá. Kì í ṣe ti òyìnbó. Èdè yín ni wọ́n ń sọ! Mo gbọ́ 'jálìdì' pẹ̀lú etí ara mi!" Ọmọ Lẹ́bánóònù kan ló ń fi mọ́tò gbé sinimá náà káàkiri, ó sì ń bọ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́. Ẹni tí kò bá gbé ayé nígbà yẹn kò lè mọ bí ọ̀rọ̀ yìí ti rí létí wa. Sinimá tí a mọ̀ kò ju ti ìjọba lọ: bí eṣinṣin ṣe ń kó àrùn ran ni, bí a ṣe ń fọwọ́, àti ọbabìnrin tó ń juwọ́ sí èrò. Gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo rẹ̀. A ti gbà pé òyìnbó nìkan ló lè sọ̀rọ̀ lára aṣọ. Sájẹ́ńtì kò rẹ́rìn-ín, kò yangàn. Ó jókòó sórí pèpéle, ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ nu orúnkún.

Afẹ́fẹ́ ti ya aṣọ funfun tí ọmọ Lẹ́bánóònù náà ń lò, ni Bàbá Kékeré bá wá bẹ ìyá mi pé kó yá wọn ní kíjìpá funfun. Ìyá mi rán mẹ́rin pọ̀ mọ́ra, ó kó o fún wọn, ṣùgbọ́n kò bá wa lọ. Obìnrin tí ọkọ rẹ̀ kò kú tí kò sì dé, ẹnu ayé kì í jẹ́ kó lọ síbi ìran. Ní pápá tó wà nítòsí Tákíè ni wọ́n ta aṣọ náà sí. Oòrùn ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ̀. Ẹ̀rọ kan ń bú lẹ́yìn mọ́tò, àwa ọmọdé jókòó níwájú, Ìyá Àgbà jókòó tì mí lórí àpótí, Sájẹ́ńtì dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ láti máa ṣe ògbufọ̀. Lójijì, ìmọ́lẹ̀ gba orí wa kọjá, eruku ń jó nínú rẹ̀, obìnrin kan sì wà lára aṣọ tí ìyá mi hun, ojú rẹ̀ tóbi ju ilẹ̀kùn ilé wa lọ. Ó ń mí. Mo rí i tó ń mí. Ó la ẹnu, orin jáde, orin náà sì bo gbogbo pápá. N kò mọ ìgbà tí mo di aṣọ Ìyá Àgbà mú. Ẹ̀rù ń bà mí, mo sì ń bẹ Ọlọ́run kó má jẹ̀ẹ́ kó tán.

Sájẹ́ńtì tẹ́ etí sí i. Ìyá arúgbó kan jáde lára aṣọ, ó jókòó sílẹ̀, ó na ọwọ́ sí ọmọdé kan, ó ní, "Pání." Ọmọ náà bu omi fún un. Gbogbo pápá kọ háà! Àwọn tó ń fi Sájẹ́ńtì ṣe yẹ̀yẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í gbá a léjìká, "Sájẹ́ńtì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú," ọkùnrin náà sì ń sunkún, ó ń sunkún bó ti ń túmọ̀. Ó ní ìgbà tí òun wà lọ́hùn-ún, ilẹ̀ kan ni gbogbo rẹ̀. Àwọn òyìnbó ti lọ báyìí, ilẹ̀ náà ti pín, Pakísítánì ni orúkọ ọ̀kan, àwọn ló sì ṣe sinimá yìí.

Baálé, tó jókòó láàrin àwọn àgbà, ní, "Àwọn òyìnbó lọ, ta ló wá ń jọba?"

"Àwọn fúnra wọn ni, bàbá."

"Àwọn fúnra wọn náà ló di ẹ̀rọ sinimá mú?"

"Àwọn ni, bàbá."

Mo rántí ìbéèrè yẹn dáadáa, torí pé lábẹ́ ọbabìnrin tó ń juwọ́ yẹn la ṣì wà nígbà náà. Baálé mi orí, ó ní, "Ó dára bẹ́ẹ̀," bí ẹni tí wọ́n fi ilé tuntun hàn.

Ìtàn inú sinimá náà kò le. Ìyá arúgbó yìí ń kó ẹrù lọ sí ilẹ̀ tuntun pẹ̀lú ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, èrò pọ̀ ní ibùdókọ̀ ojú irin, ọmọ sì sọnù mọ́ ọn lọ́wọ́. Ó ń wá a láti ìlú dé ìlú. Gbogbo obìnrin inú pápá ló ń sunkún, Ìyá Àgbà nìkan ni kò sunkún. Ó ń wò ó ni, bí èèyàn ti ń wo ẹni tí wọ́n jọ ń ṣòwò kan náà. Ìyá inú sinimá dé ibi ìgbéyàwó kan, ó ń wo ojú àwọn èèyàn. Láàrin wọn, ọkùnrin dúdú kan, dúdú bíi tiwa, gbé àpò awọ tí omi kún kọ́ èjìká, ó ń bu omi fún àwọn àlejò. Ìyá Àgbà dìde. "Àkànní!" Orí rẹ̀ bọ́ sínú ìmọ́lẹ̀, òjìji rẹ̀ sì balẹ̀ sára aṣọ, sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkùnrin náà. "Àkànní, ọmọ mi!" Bí ó ti pè é, ọkùnrin náà yíjú padà. Ó wo ọ̀gangan ibi tí a wà. Ó rẹ́rìn-ín, ó gbé omi rẹ̀, ó sì kọjá lọ.

Kò sẹ́ni tó rántí bí sinimá náà ṣe parí. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, gbogbo ẹbí pé sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n ránṣẹ́ pe Sájẹ́ńtì. Sájẹ́ńtì dọ̀bálẹ̀, ó ní, "Ìyá, àwọn èèyàn dúdú wà lọ́hùn-ún. Mo rí wọn ní Kàráṣì, létí òkun. Ó ti pẹ́ gan-an tí wọ́n ti kó àwọn baba ńlá wọn débẹ̀ láti ilẹ̀ aláwọ̀ dúdú. Ọ̀kan nínú wọn lẹ rí. Sinimá sì dà bíi fọ́tò, ohun tó ti ṣẹlẹ̀ tipẹ́ ni."

"Fọ́tò tí ń rìn?" ni Ìyá Àgbà wí. "Dá mi lóhùn, Sájẹ́ńtì. Ogun ti parí kí wọ́n tó dá ìlú yẹn sílẹ̀?"

"Ó ti parí, Ìyá."

"Ìgbà tí wọ́n dá a sílẹ̀ tán ni wọ́n ya fọ́tò yìí?"

"Ìgbà náà ni, Ìyá."

"Ọmọ mi kò kú sógun nìyẹn."

Bàbá Kékeré ló fèsì, ohùn rẹ̀ sì rọlẹ̀. Ó ní, "Ìyá mi, ẹ má jẹ̀ẹ́ kí n bí yín nínú. Ṣé ẹ gbàgbé pé akúdàáyà wà ni? Ẹni tó kú sílùú kan a máa lọ gbé ìlú mìíràn, á máa ṣiṣẹ́, á máa rẹ́rìn-ín. Kò ju pé bí ará ilé rẹ̀ bá ti rí i, á sá kúrò níbẹ̀."

Ìyá Àgbà kò bínú. Ó ní, "O wí ire. Mo ti rí i, òun náà ti rí mi, mo sì ti pè é. Bó bá jẹ́ akúdàáyà, ó ti sá lọ. Ẹ jẹ́ kí wọ́n tún sinimá náà ṣe nírọ̀lẹ́ òní. Bí a kò bá bá a níbẹ̀, ẹ sin ín." Àwọn ọmọ-ọmọ mi máa ń rẹ́rìn-ín bí mo bá dé ibí yìí. N kì í bá wọn rẹ́rìn-ín. Ohun tí ìyá yẹn fi lélẹ̀ ni ọmọ rẹ̀ tó sọnù, kò sì sí ilé ẹjọ́ tó ti gbọ́ ẹjọ́ tó mọ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Gbogbo Ọjà Igbó ló kún pápá ní ìrọ̀lẹ́ náà. Nígbà tí wọ́n dé ibi ìgbéyàwó, mo di ojú, mo tún là á. Ó wà níbẹ̀. Ó gbé omi kọ́ èjìká. Ìyá Àgbà kò pè é, ó fi ọwọ́ bo ẹnu, síbẹ̀ ọkùnrin náà yíjú padà níbi tó ti yíjú lánàá, ó rẹ́rìn-ín rẹ̀, ó kọjá lọ. Ọgbọ́n ọmọdé mi ta mí lólobó pé kò gbọ́ wa rárá, ṣùgbọ́n mo gbé èrò náà mì, torí gbogbo èèyàn ti ń pariwo pé, "Kò sá! Àkànní kò sá!" Baálé gbé ọwọ́ sókè kí wọ́n dákẹ́. Ó ní, "Ojú ìyá ti ń ṣe bàìbàì. Ìyàwó ló mọ ọkọ rẹ̀. Lọ́la, kí Ìyá Àṣàkẹ́ wá wò ó. Bó bá ní òun ni, a kì í sìnkú alààyè. Bó bá ní òun kọ́, a ó sìnkú, àbúrò á sì gba aya rẹ̀."

Ìyá mi wẹ̀ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kẹta, ó wọ aṣọ tó fi ń lọ sí ìsìn, ó di ọwọ́ mi mú títí a fi dé pápá. Kò sẹ́ni tó ń wo sinimá mọ́, ìyá mi ni wọ́n ń wò. Bàbá Kékeré dúró létí mọ́tò rẹ̀, ó ṣí fìlà, ó fi í sí abíyá. Ibi ìgbéyàwó dé. Ọkùnrin dúdú náà yíjú padà, ó rẹ́rìn-ín. Ọwọ́ ìyá mi le mọ́ tèmi débi tí egungun ìka mi fi dùn mí. Ó wò ó. Lẹ́yìn náà ó yíjú, ó wo Ìyá Àgbà, tó ti na ọrùn síwájú, tí ètè rẹ̀ ń mì láìsí ọ̀rọ̀. Ìyá mi wá fi ọwọ́ mi sílẹ̀, ó rìn lọ síwájú aṣọ, ó kúnlẹ̀ nínú eruku. Ó kí i pé:

"Ẹ kú ìrìn o, Bàbá Àṣàkẹ́. Ẹ kú ọjọ́ pípẹ́. Obìnrin ni ọmọ tí ẹ fi sílẹ̀ sínú, ó ti dàgbà, ó ń ranwú. Ìyá wà láàyè. Àlàáfíà ni gbogbo wa wà. Ẹ kú àárò ilé."

N kò lè fi ẹnu sọ bí ariwo náà ṣe pọ̀ tó. Ìyá Àgbà jó, obìnrin tó jẹ́ pé ọ̀pá ló fi ń rìn. Bàbá Kékeré dé fìlà rẹ̀ padà, ó wá bá ìyá mi, ó ní, "Ìyàwó wa, ẹ kú oríire," ó sì lọ. Kò pẹ́ tó fi fẹ́ obìnrin ará Ọ̀yọ́ kan, wọ́n bímọ, búrẹ́dì mi kò sì dáwọ́ dúró. Láti ọjọ́ náà, kò sẹ́ni tó tún dárúkọ ìsìnkú nílé wa. Ìyá Àgbà ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá wá kí i pé ọmọ òun ń bu omi fún àwọn èèyàn ńlá nílùú tí kò sí òyìnbó mọ́. Èmi náà wá ní bàbá. Mo kọ́ gbogbo ọ̀rọ̀ tí Sájẹ́ńtì mọ̀, kí n má baà tijú lọ́jọ́ tí a bá pàdé. Nígbà tí mo dàgbà tí mo lè kàwé, mo wá ohun tí mo lè kà nípa ìlú bàbá mi kiri. Mo kà á pé nígbà tí ilẹ̀ náà pín, púpọ̀ nínú àwọn tó mọ iṣẹ́ sinimá ní ìlú Láhóò sọdá sí apá Íńdíà, iná jó ilé iṣẹ́ sinimá, àwọn tó kù sì fi ìwọ̀nba ẹ̀rọ tó ṣẹ́kù bẹ̀rẹ̀ ohun gbogbo lákọ̀tun. Ó yà mí lẹ́nu títí mo fi sunkún. Ìlú tí kò tíì rí àga tó tó fún àwọn akọ̀wé rẹ̀ ti ń wá bí òun yóò ṣe máa kọrin lédè ara rẹ̀, orin náà sì rìn títí ó fi dé orí kíjìpá ìyá mi.

Ìyá Àgbà kú lẹ́yìn tí àwa náà ti gba òmìnira, nígbà tí mo ti wà nílé ọkọ. Ó kú pẹ̀lú ìrọ̀rùn, ó ní kí wọ́n má gbàgbé ẹran Àkànní. Lẹ́yìn ìsìnkú, èmi àti ìyá mi jókòó, à ń ká àwọn aṣọ rẹ̀. Mo ní, "Ìyá mi, ọ̀nà wo la ó gbà ránṣẹ́ sí bàbá mi ní Pakísítánì pé ìyá wọn ti lọ?"

Ìyá mi gbé aṣọ tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ sílẹ̀. "Kò sẹ́ni tí a ó ránṣẹ́ sí níbẹ̀, Àṣàkẹ́. Ọkùnrin yẹn ga ju bàbá rẹ lọ. Bàbá rẹ kì í rẹ́rìn-ín báyẹn."

Mo bínú, mo káàánú, n kò mọ èwo ló kọ́kọ́ dé. Mo ní, "Nítorí ti Bàbá Kékeré lẹ ṣe sọ pé bàbá mi ni?"

"Nítorí rẹ̀ ni. Nígbà tí mo sì wo ojú ìyá, n kò rí ohun mìíràn tí mo lè sọ." Ó mú aṣọ náà, ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í ká a, kò wo ojú mi. "Irọ́ ni mo pa fún wọn. Ṣùgbọ́n kíkí tí mo kí i yẹn, kì í ṣe irọ́. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti kó o lọ, n kò rí ibi tí mo ti lè kí i. Bàbá rẹ ni mo kí."